Aṣọ Tí A Fi Wo Epo

Ọkọ̀ sinimá wọ Lafẹ́nwá nírọ̀lẹ́ ọjọ́ Ẹtì kan,
jẹnẹrétọ̀ ń wúkọ́ lẹ́yìn rẹ̀ bí arúgbó tó ti mu tábà jù.
Òjò ti ya aṣọ àwòrán wọn sí méjì lójú ọ̀nà Pápáláńtò,
ni Ṣóètán bá sáré wá bá ìyá mi àgbà lágbàlá aró, ní Ìtokú:
"Ìyá, ẹ yá mi láṣọ funfun.
N ó dá a padà kílẹ̀ tó mọ́."

Ìyá wò ó láti orí dé àtẹ́lẹsẹ̀.
Ọmọ tó bá àwọn ayàwòrán kọ́ńpìnì lọ sí odò àwọn Ìjọ̀,
tó wọ ṣòkòtò kàkí padà wálé,
tó ń fọ èjìká ọ̀tún níbi tí kámẹ́rà ti bó o.
"Aṣọ tí kò tíì fojú kan aró ni.
Bí ẹrẹ̀ bá kàn án, o ó sanwó."
Ó ṣí àpótí.

Wọ́n so ó mọ́ òpó méjì nídìí ọgbà rélùwéè.
Orí garawa tí mo dojú rẹ̀ délẹ̀ ni mo jókòó sí.
Iná tàn. Àfòpiná rọ́ lu aṣọ ilé wa,
òjìji wọn tóbi ju ọkọ̀ ojú omi inú àwòrán lọ.
Irin gíga kan dúró sáàárín ẹrẹ̀,
àwọn ọkùnrin onífìlà irin ń yí páìpù,
ẹ̀rọ ń gún ilẹ̀, ó ń gún un, ó ń gún un,
bí ẹni ń gúnyán fún àlejò tí kò sọ iye tí wọ́n jẹ́.
Ohùn òyìnbó kan ga ju gbogbo rẹ̀ lọ,
Ṣóètán dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ, ó ń túmọ̀:
"Epo nìyẹn. Òun ló ń bẹ nínú àtùpà yín."
Baba kan láti Ìkìjà ké pé, "Epo tí kò ní ẹyìn!"
Gbogbo wa rẹ́rìn-ín.
Ìyá mi àgbà nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó ní sí mi létí:
"Epo tí kò ní ẹyìn,
ẹ̀yìn rẹ̀ ni ká máa wò."

Ìgbà náà ni obìnrin kan yọ,
kò pẹ́ ju kéèyàn ka ení dé ẹ̀jọ lọ.
Ó dúró nínú ọkọ̀ ọlọ́pọ́n, àwọ̀n léjìká,
ó kọjú sí wa tààrà,
ẹnu rẹ̀ ń lọ, ọwọ́ rẹ̀ nà sí omi.
Ohùn òyìnbó kò dúró dè é. Iye àgbá ló ń kà.
Ṣóètán, tí kò tíì panu dé láti ìrọ̀lẹ́, dákẹ́.
Ọmọ kan ní, "Bùrọ̀dá, kí ló wí?"
Irin ti padà dé.

Lóru, ó ká aṣọ náà wálé, ó jókòó ti ìkòkò aró.
"Èmi ni mo di kámẹ́rà mú, Ìyá.
Ó sọ̀rọ̀ títí fíìmù fi tán nínú rẹ̀.
N kò gbọ́ èdè rẹ̀. N kò sì béèrè.
Ọ̀gá ní ojú rẹ̀ dára, ká fi díẹ̀ sílẹ̀, ká gé ìyókù."

Ìyá kò dá a lóhùn. Aṣọ náà kò padà sápòótí.
Ó po ẹ̀kọ láfún, ó mú ìyẹ́ adìyẹ,
ibi tí obìnrin náà dúró sí lálẹ́ àná
ló ya ọwọ́ kan sí, ìka kan nà;
ó ya òmíràn tì í,
títí aṣọ fi kún, tí ẹ̀yìn fi ń dùn ún.
Ó rì í sínú aró lẹ́ẹ̀mẹ́fà.

Gbogbo bátànì Ìtokú ló lórúkọ.
Àwọn oníbàárà ń bi í: ọwọ́ àdúrà ni àbí ọwọ́ ìdágbére?
Ó ní, "Kí-Ló-Wí lorúkọ rẹ̀."
Wọ́n rò pé ó ń ṣeré. Wọ́n rà á.
Ìyàwó ọ̀gá rélùwéè nìkan ra ọ̀pá mẹ́rin.

Ṣóètán padà sódò lẹ́ẹ̀rùn. Ẹnìkan ní òun rí i ní Pọtakọ́ọ̀tù,
ẹlòmíràn ní irọ́ ni.

Èyí tó ṣẹ́kù lọ́wọ́ mi kò ju ìborùn lọ.
Aró ti ń ṣí, ó kù díẹ̀ kí ọwọ́ àti omi di àwọ̀ kan.
Lálẹ́ tí iná bá lọ, tí mo gbé àtùpà sórí tábìlì,
àfòpiná a dé,
mo sì ń rí i pé àtùpà gan-an
ni ìka náà nà sí.